Pátákó Tó Ga Jù

Ewé kan ló já bọ́ lé mi lórí tí mo fi gbójú sókè. Ká ní ewé yẹn ò já ni, iwájú Adájọ́ ni ǹ bá ti kọ́kọ́ rí pátákó tó ní ilẹ̀ onílẹ̀ ni mo ń gbá.

Àárọ̀ ọjọ́ Ajé ni. Mo mú ìgbálẹ̀, mo ń kọrin, torí iṣẹ́ tí kò bá lórin nínú, ìyà lásán ni. Ilẹ̀ òfìfo ni ilẹ̀ náà, ẹ̀gbẹ́ ilé mi níbi tí mo ti ń ránṣọ ló wà. Kò sí ilé lórí rẹ̀, kò sí ọgbà. Igi ńlá kan ṣoṣo ló dúró láàárín rẹ̀, àti okùn tí mo ń sá aṣọ sí. Mo gbójú sókè báyìí, pátákó páànù kan ni mo rí lọ́hùn-ún, lábẹ́ ibi tí ẹ̀ka àkọ́kọ́ ti yà, ewé fẹ́rẹ̀ẹ́ bò ó tán. Ìpẹtà ti jẹ ẹ́ létí. Ìwé mẹ́ta péré ni mo kà kí wọ́n tó ní kí n lọ kọ́ṣẹ́, nítorí náà mo fi ìka tọ lẹ́tà náà lójú sánmà lọ́kọ̀ọ̀kan: ILẸ̀ ONÍBÚLỌ́Ọ̀KÙ. ẸNIKẸ́NI MÁ WỌ̀ Ọ́.

Orin gbẹ mọ́ mi lẹ́nu. Mo ju ìgbálẹ̀ sílẹ̀ láìgbálẹ̀ dé ìdajì.

Oníbúlọ́ọ̀kù yìí, aládùúgbò mi ni, ẹ̀yìn ilẹ̀ náà ló ti ń tẹ búlọ́ọ̀kù. Nígbà tí àgbàlá rẹ̀ kún, òun ló wá bẹ̀ mí kí òun máa sá búlọ́ọ̀kù sí etí ilẹ̀ mi, mo sì ní kó máa sá a. Kí ni búlọ́ọ̀kù fẹ́ fi ilẹ̀ ṣe? Àṣé ọwọ́ ara mi ni mo fi ṣílẹ̀kùn fún un. Oṣù méjì sẹ́yìn ló pè mí lẹ́jọ́, ó ní òun ló nilẹ̀, pé òun ti wà lórí rẹ̀ tipẹ́tipẹ́ tí ẹnikẹ́ni ò bi òun. Adájọ́ ní kó fi àmì hàn. Kò ní. Adájọ́ ní kí èmi náà mú ìwé wá. N ò ní. Ọmọ mi ọkùnrin, ọmọ kan ṣoṣo tí mo bí, ló gbé ìwé ilẹ̀ náà dání nígbà tó ń lọ ṣiṣẹ́ nínú ọkọ̀ ojú omi, kí àwọn ọlọ́gbọ́n-ẹ̀wẹ́ má bàa fi ẹ̀tàn gbà á lọ́wọ́ ìyá tí kò mọ̀wé. Ó pé ogún ọdún tó ti lọ báyìí. Adájọ́ wá ní òun yóò fẹsẹ̀ ara òun wá wo ilẹ̀ náà ní Ọjọ́bọ̀. Ọjọ́bọ̀ ku ọjọ́ mẹ́ta, àmì sì ti hù lórí igi.

Lọ́yà mi, obìnrin kan tó máa ń sọ̀rọ̀ bí ẹni tí òjò ń lé, sáré lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá, ó ní ẹnìkan ń ṣe ayédèrú ẹ̀rí. Kí ọ̀sán tó pọ́n, wọ́n ti rán ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ kan sí wa. Obìnrin kúkúrú ni, bàtà rẹ̀ ti jẹ ní gìgísẹ̀, gbogbo ìlú sì ń pè é ní Ọ̀gá Pẹ̀lẹ́. Bó ṣe ń wọlé mi, ó fi orúnkún gbá àpótí, ó ní, "Pẹ̀lẹ́ o."

Mo ní, "Èmi kọ́ lo gbá."

Ó ní, "Mo mọ̀, Màmá. Àpótí ni mò ń kí."

Wọ́n ní bó bá ń fi ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ sí olè lọ́wọ́, pẹ̀lẹ́ náà ló ń wí fún un. Mo ti fẹ́ràn rẹ̀ kó tó jókòó.

*

Ó yí igi náà po lẹ́ẹ̀mẹta, ó ń fọwọ́ pa èèpo rẹ̀ bí ẹni ń wẹ ọmọ. Lẹ́yìn náà ó ní kí n bá òun kálọ sọ́dọ̀ Oníbúlọ́ọ̀kù, ṣùgbọ́n kí n ti ẹnu mi pa.

A bá a nídìí ẹ̀rọ rẹ̀, sìmẹ́ńtì dé ìgbúnwọ́, àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ mẹ́ta ń po yanrìn.

"Ẹ pẹ̀lẹ́ o, ẹ̀yin oníṣẹ́. Pátákó orí igi yẹn, ìgbà wo lẹ kàn án?"

"Ó pé ọdún mọ́kàndínlógún lóṣù tó kọjá."

"Ẹ tiẹ̀ rántí oṣù! Èmi ò rántí ohun tí mo jẹ láàárọ̀."

"Ẹni tó ra nǹkan kì í gbàgbé ọjọ́ tó rà á."

"Ẹ rà á? Ìyẹn ò sí nínú ohun tẹ́ ẹ sọ ní kóòtù. Lọ́wọ́ ta lẹ ti rà á?"

Ó wò mí, ó sì gbójú kúrò. Ó nu ọwọ́ rẹ̀ mọ́ ṣòkòtò. "N ò fẹ́ sọ ọ́ níṣojú Màmá. Àánú wọn ló ń ṣe mí tí mo fi pa á mọ́ látọjọ́ yìí. Ọmọ wọn ló tà á fún mi."

Mo gbàgbé pé wọ́n ní kí n dákẹ́. "Ọmọ wo? Ọmọ mi ti lọ ní ọdún kan gbáko ṣáájú ìgbà tí ò ń wí yẹn!"

"Ó padà wá, Màmá. Ọjọ́ kan péré ni. Àárọ̀ ló dé, ó tà á fún mi, kí oòrùn tó le ó ti lọ. Mo bi í, mo ní, 'O ò ní yà kí ìyá rẹ ni?' Ó ní rárá, òun ò fẹ́ rí yín."

Láti abẹ́ igi yẹn dé ẹnu ọ̀nà mi, ẹsẹ̀ mẹ́rìnlélógójì ni. Mo mọ̀ ọ́n, ẹsẹ̀ mi ni mo fi wọ̀n ọ́n. Kí ọmọ wá láti òpin ayé, kó sì wá sọ ẹsẹ̀ mẹ́rìnlélógójì di èyí tí òun ò lè rìn.

Ọ̀gá Pẹ̀lẹ́ ò wò mí. Ó ní, "Ẹ pẹ̀lẹ́. Báwo ni pátákó náà ṣe ga tó báyìí? Ẹ gun àkàbà ni?"

"Àkàbà kẹ̀? Ibi àyà ni mo kàn án sí. Ọmọ wọn gan-an ló bá mi gbé e mọ́ igi níwọ̀n àyà ara rẹ̀, mo wá kan ìṣó mẹ́rin sí i. Igi ló dàgbà, igi ló gbé e lọ sókè. Àbí igi kì í dàgbà níbi tẹ́ ẹ ti wá ni?"

Àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ bú sẹ́rìn-ín. Ọ̀gá Pẹ̀lẹ́ náà bá wọn rẹ́rìn-ín. Ó kọ ọ̀rọ̀ náà sínú ìwé rẹ̀ bó ṣe sọ ọ́ gẹ́lẹ́, ó sì ní kí ó fi ìka tẹ̀ ẹ́.

*

Lọ́jọ́ kejì, ó rán ọlọ́pàá kan gun igi lọ fi fóònù ya pátákó náà, a sì gbé àwòrán rẹ̀ lọ sọ́dọ̀ bàbá tó ń kọ pátákó nídìí ibùdókọ̀. Ọkàn mi ń fò. Mo ti ń fi ọkàn mi kọrin ìṣẹ́gun, mo ní bó bá ti lè sọ pé ọ̀dà tuntun ni, ó parí.

Bàbá náà gbé fóònù sún mọ́ imú. "Iṣẹ́ mi ni. Ẹ wo ìrù tí mo fi sẹ́yìn lẹ́tà yìí. Ìgbà tí ọwọ́ mi ò tíì máa gbọ̀n ni mo ń fi irú ìrù yẹn sí i. Ó ti lé lọ́dún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tí mo ti jáwọ́ ńbẹ̀."

"Ṣé ó lè tó ọdún mọ́kàndínlógún?"

"Ó tó. Ó tiẹ̀ lè jù bẹ́ẹ̀ lọ."

Ìṣó náà ńkọ́? Ọlọ́pàá tó gun igi ní ìṣó mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ti dípẹtà. Gbogbo rẹ̀ ló gbó. Nígbà tí a padà dé ọ̀nà ilé, mo dúró.

"Òótọ́ ni nígbà náà. Ọmọ mi wá."

"Pátákó ló gbó, Màmá. Bí mo bá wọ ṣòkòtò bàbá mi fún ọmọ ọwọ́, ṣé ọmọ náà ti di àgbà nìyẹn?"

Mo fẹ́ rẹ́rìn-ín, kò jáde. Mo ní, "Ọmọ mi, jẹ́ kí n sọ òótọ́ fún ọ. Bí ilẹ̀ yẹn bá lọ, mo lè fara dà á. Aṣọ tí mò ń rán ń bọ́ mi. Ṣùgbọ́n kó wá kó má yà kí mi! Ìyẹn ni kó o bá mi wádìí. Tọ̀sán tòru ni mo fi ń retí rẹ̀. Bó bá ti wá tó ti lọ, kí ni mo tún ń retí?"

Ó ní, "Ẹ pẹ̀lẹ́, Màmá." Èyí kì í ṣe irú èyí tó fi ń kí àpótí.

*

Ó bá mi wọ yàrá. Ẹ̀rọ ìránṣọ mi wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, fèrèsé náà sì kọjú sí ilẹ̀ òfìfo yẹn. N kì í tì í. Ó jókòó sórí aṣọ oníbàárà, ó dìde, ó ní pẹ̀lẹ́ fún aṣọ náà, ó tún jókòó.

"Kí ló dé tẹ́ ẹ ò kọ́ nǹkan síbẹ̀, Màmá? Tẹ́ ẹ ò tiẹ̀ gbin nǹkan?"

"Òun ló ní kí n má kọ́ ọ. Ọjọ́ tó ń lọ, àpò rẹ̀ wà léjìká, ó ní, 'Ìyá mi, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni kọ́ nǹkan síbẹ̀ o, èmi ni n óò wá kọ́lé fún yín.' Ọmọ ọdún mọ́kàndínlógún ni. Mo ní ó dáa. Ilẹ̀ tí mo bá sọ di ọgbà, níbo ni yóò kọ́ ọ sí bó bá dé?"

"Ẹ ò ní nǹkan kankan tó lè fi hàn pé ẹ̀yin lẹ wà níbẹ̀ látijọ́? Nǹkan kékeré ni o."

"Ìṣó bàbá rẹ̀ nìkan. Ìyẹn náà sì ti lọ."

"Ìṣó wo?"

Mo sọ ọ́ fún un. Láti ìgbà tí ọmọ náà ti pé ọdún márùn-ún, lọ́dọọdún, bàbá rẹ̀ á ní kó fẹ̀yìn ti igi yẹn, á kan ìṣó kan sí ibi tí orí rẹ̀ bá dé. Ẹ̀rù a máa ba ọmọ, á máa ká orúnkún, èmi á sì máa kọrin fún un:

*Dúró ṣánṣán, ọmọ ìyá rẹ,*
*dúró ṣánṣán.*
*Ìṣó ò ní gún ọ lórí,*
*dúró ṣánṣán.*
*Ká tún wọ̀n ọ́ lọ́dún tó ń bọ̀,*
*dúró ṣánṣán.*

"Ìṣó mẹ́fà ló kàn kó tó kú. Ọmọ náà ò gbà kí n kan ìkeje. Ó ní àfi kí bàbá òun wá kàn án. Báàgì ilé ìwé ló wá ń fi kọ́ sára wọn. Ṣùgbọ́n ó ti pẹ́ tí n ò rí wọn mọ́. Igi ti gbé wọn lọ sókè. Kí ojú mi tó di bàìbàì, bí mo bá ń gbálẹ̀, mo máa ń wo àárín ẹ̀ka, mo ń wá ìṣó ọmọ mi níbi tí ẹyẹ ń sùn sí."

Ọ̀gá Pẹ̀lẹ́ ti dìde dúró. "Nígbà tẹ́ ẹ ń wò ó yẹn, ṣé ẹ rí pátákó?"

"Kò sí pátákó kankan. Ṣùgbọ́n ta ni yóò gbà á gbọ́? Wọ́n á ní ìyá ni mí."

"Ìṣó àkọ́kọ́, ibo ló dé lára yín nígbà náà?"

Mo fọwọ́ kan ìbàdí mi.

"Ìkẹfà?"

Mo fọwọ́ kan abẹ́ apá.

Ó ń wo ọwọ́ mi bí ẹni tó rí owó he. Ó ní, "Ta ló mọ̀wà igi jù ní àdúgbò yìí?"

*

Lágilagi ló mọ̀ ọ́n jù. Àárọ̀ Ọjọ́rú la bá a níbi tó ti ń la pákó, ìyẹ̀fun igi ti sọ irun ojú rẹ̀ di funfun ju bí ọjọ́ orí ṣe sọ ọ́ lọ.

Ọ̀gá Pẹ̀lẹ́ ní, "Bàbá, ẹ pẹ̀lẹ́. Bí mo bá kan ìṣó mọ́ igi ní ibi ìbàdí mi lónìí, ibo ni yóò wà lẹ́yìn ọgbọ̀n ọdún?"

"Níbi tó o kàn án sí."

"Igi ò ní gbé e lọ sókè?"

Bàbá náà pa ẹ̀rọ rẹ̀. "Ta ló ń kọ́ yín ní irú ọ̀rọ̀ báyìí? Ṣé ènìyàn ni igi ni, tí gbogbo ara á máa ga pọ̀? Orí ni igi fi ń ga. Ìdí rẹ̀ kàn ń sanra ni, bí ọkọ ìyàwó tí oúnjẹ bá lára mu. Ìṣó tó o kàn sí ìbàdí, ìbàdí lọmọ-ọmọ rẹ á ti bá a, bó bá ṣì rí i. Torí igi á ti sanra bò ó. Ẹ wo ayùn mi yìí, ẹ wo eyín rẹ̀ tó kán. Ìṣó tí igi gbé mì ló kán an."

"Bí igi bá ti gbé ìṣó mì, báwo lèèyàn ṣe lè mọ̀ ọ́n?"

"Á ní ìdodo. Kékeré báyìí, lára èèpo. Ẹni tí kò wá a kò lè rí i."

Ọ̀gá Pẹ̀lẹ́ bọ̀ ọ́ lọ́wọ́. Nígbà tí a ń lọ, ó ní, "Màmá, òòfà tẹ́ ẹ fi ń ṣa píìnì nílẹ̀, ẹ so okùn mọ́ ọn, kí ẹ mú un dání lọ́la."

"Kí la fẹ́ fi ṣe?"

"Ká fi kí igi ni."

*

Ọjọ́bọ̀, Adájọ́ dé, akọ̀wé rẹ̀ gbé àga tẹ̀lé e. Lọ́yà mi àti Lágilagi náà ti wà níbẹ̀. Oníbúlọ́ọ̀kù wọ aṣọ iyì, àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ tẹ̀lé e. Ní ti aṣọ náà, èmi ló rán an fún un lọ́dún tó kọjá, mo sì rán an dáadáa.

Ọ̀gá Pẹ̀lẹ́ ka ohun tó sọ: ọdún mọ́kàndínlógún, ibi àyà, ọmọ tó gbé pátákó níwọ̀n àyà, igi tó gbé e lọ sókè. "Ṣé bẹ́ẹ̀ lẹ wí?"

"Bẹ́ẹ̀ ni mo wí, bẹ́ẹ̀ ni mo ṣì ń wí."

"Ẹ pẹ̀lẹ́. Màmá, ẹ fi ibi tí ìṣó àkọ́kọ́ wà han Adájọ́."

Mo dúró ti igi, mo fọwọ́ kan ìbàdí. Oníbúlọ́ọ̀kù rẹ́rìn-ín. "Màmá, bó bá tiẹ̀ wà rí, ìyẹn á ti kọjá pátákó mi lókè. Tiyín ni igi á kọ́kọ́ gbé lọ!"

"Ẹ ṣeun," ni Ọ̀gá Pẹ̀lẹ́ wí. "Adájọ́ ti gbọ́. Màmá, òòfà dà?"

Mo na okùn sílẹ̀, òòfà náà ń fì jẹ́jẹ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ igi bí ẹni tó ń ronú. Mo ń sún un díẹ̀díẹ̀. Lójijì, ó yí, ó fò mọ́ igi, ó lẹ̀ mọ́ ọn. Ibi ìbàdí mi gẹ́lẹ́ ni. Ìdodo kékeré kan wà níbẹ̀ tí mo ti fẹ̀yìn tì ní ọ̀pọ̀ ìgbà tí n ò mọ̀. Mo fa òòfà já, mo sún un sókè. Ó tún lẹ̀ mọ́ ọn. Mo tún sún un. Nígbà tó di ìkẹta, mi ò mọ ìgbà tí mo bẹ̀rẹ̀ sí í kọrin, *dúró ṣánṣán*, akọ̀wé kóòtù ò sì dá mi dúró, ó ń fi ẹsẹ̀ gbè é. Ẹ̀ẹ̀mẹfà ló lẹ̀ mọ́ ọn. Ìkẹfà ṣe déédéé abẹ́ apá mi.

Lágilagi fi àáké kékeré bó ojú ìdodo kan. Èèpo kúrò, igi tó nípọn tó àtàǹpàkò kúrò, orí ìṣó dúdú kan sì yọ síta.

Adájọ́ dìde lórí àga. Ó wo ìṣó, ó wo pátákó lókè. Ó ní kí wọ́n gbé àkàbà wá, òun fúnra rẹ̀ gùn ún, akọ̀wé di ẹsẹ̀ rẹ̀ mú. Láti òkè ló ti sọ̀rọ̀: "Èèpo igi ò bo etí pátákó yìí rárá. Oje igi ṣì wà lójú ìṣó níbí, kò tíì gbẹ. Ìwọ Oníbúlọ́ọ̀kù, igi tó gbé ìṣó ọmọdé mì, kí ló dé tí kò fi tọ́ tìrẹ wò?"

Oníbúlọ́ọ̀kù wo àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀. Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín.

Ọ̀gá Pẹ̀lẹ́ sún mọ́ ọn. Ó sọ ọ́ jẹ́jẹ́: "Bó bá jẹ́ àyà lẹ kàn án sí, àyà ni ì bá wà títí di òní. Ẹ ò kàn án ní àyà. Àkàbà lẹ fi gùn ún, kí ewé lè bò ó, kẹ́ ẹ lè sọ pé ó ti wà níbẹ̀ tipẹ́ tí Màmá ò rí i. Nígbà tí mo bi yín ìdí tó fi ga, irọ́ tó wà nítòsí lẹ mú. Ẹ mọ sìmẹ́ńtì, ẹ ò mọ igi. Pẹ̀lẹ́ o. Ibo lẹ ti rí pátákó?"

Oníbúlọ́ọ̀kù ní, "Àgbàlá mi àtijọ́ ló wà tẹ́lẹ̀. Àti òun àti ìṣó rẹ̀ ni mo tú wá. Ọjọ́ Àìkú ni mo kàn án, nígbà tí Màmá lọ gbé aṣọ oníbàárà fún un."

Lọ́yà mi bẹ̀rẹ̀ sí í sáré sọ̀rọ̀. Mo gbọ́ "ilẹ̀", mo gbọ́ "ayédèrú", mo gbọ́ pé Adájọ́ ní kó kó búlọ́ọ̀kù rẹ̀ kúrò. Gbogbo rẹ̀ ń kọjá létí mi ni. Mo rìn lọ bá Oníbúlọ́ọ̀kù.

"Ọmọ mi ńkọ́?"

Kò lè wò mí lójú.

"Mo ní ọmọ mi ńkọ́? Ọjọ́ tó wá yẹn."

"Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú. Kò wá. Láti ọjọ́ tó ti gbé àpò rẹ̀ jáde, n ò fojú kàn án mọ́."

Ẹ wò mí, ẹ bá mi yọ̀. Mo pàtẹ́wọ́, mo tẹ̀ síwá, mo tẹ̀ sẹ́yìn, mo jó yí igi náà po níwájú Adájọ́. Kò wá! Kò wá kó má yà! Ìyá wo lẹ rí rí tó ń jó nítorí pé ọmọ rẹ̀ ò wálé? Lágilagi ń pàtẹ́wọ́, lọ́yà ń rẹ́rìn-ín, Ọ̀gá Pẹ̀lẹ́ nìkan ni kò rẹ́rìn-ín. Ó dúró títí ẹsẹ̀ mi fi rẹ̀, ó wá fa ọwọ́ mi mọ́ra. Fún ìgbà àkọ́kọ́, kò wí pẹ̀lẹ́.

*

Nígbà tí gbogbo wọn lọ tán, mo padà síbẹ̀ lémi nìkan. Mo gbé àtẹ́lẹwọ́ lé ojú ìdodo kẹfà, ibi tí orí ọmọ mi dé nígbà tó pé ọdún mẹ́wàá. Gbogbo ìgbà tí mo fi ń wá a láàárín ẹ̀ka, ibí ló wà. Kò lọ sókè, kò lọ sísàlẹ̀. Ibi tí a fi í sí náà ló dúró sí, igi kàn ń sanra yí i ká ni.

*Dúró ṣánṣán*, mo kọ ọ́, ní ohùn kékeré. N ò mọ̀ bóyá òun ni mò ń kọ ọ́ fún, àbí èmi.

Ìgbálẹ̀ mi ṣì wà níbi tí mo jù ú sí lọ́jọ́ Ajé. Ewé ti tún bo ibi tí mo ti gbá. Mo mú un, mo bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. Ẹni tó ń bọ̀ kì í sọ ọjọ́ tí òun yóò dé.